Fìlà Dúdú Ìyá Abẹ́rẹ́

Àwọn tó bínú sí Ìyá Abẹ́rẹ́ pọ̀, òun fúnra rẹ̀ ló sì ṣíwájú wọn. Kẹ́ni tó ń gbọ́ ìtàn yìí tó dá sí i, kó kọ́kọ́ gbọ́ ọ tán.

Yàrá ìránṣọ ilé ìwòsàn wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí wọ́n ti ń fọṣọ, ooru omi gbígbóná sì máa ń gba abẹ́ ilẹ̀kùn wọlé látàárọ̀. Ibẹ̀ ló ti ń jókòó sídìí ẹ̀rọ rẹ̀ láti ìgbà tí irun orí rẹ̀ ti dúdú. Aṣọ ibùsùn tó ya, aṣọ dókítà tí bọ́tìnnì rẹ̀ já, kọ́tìnì, ìrọ̀rí, gbogbo wọn ló ń gba ọwọ́ rẹ̀ kọjá. Ẹnu rẹ̀ mú ju abẹ́rẹ́ rẹ̀ lọ. Bàbá tó ń lọṣọ ní yàrá kejì sọ fún un nígbà kan pé iṣẹ́ rẹ̀ ń falẹ̀. Ìyá Abẹ́rẹ́ ní kò burú, kí bàbá máa lọ àwọn tó ya bẹ́ẹ̀, káwọn aláìsàn máa gba ojú ihò wo òrùn. Ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó lè bá a wí lórí iṣẹ́. Aṣọ tí kò bá dá a lójú, yóò gbé e síwájú gílóòbù iná, yóò di ojú kan, yóò fi ìkejì wò ó. Bí ìmọ́lẹ̀ bá yọ níbikíbi, aṣọ náà ti di àkísà nìyẹn. Ojú òun kì í purọ́ fún òun, bó ṣe máa ń wí nìyẹn. Ojú náà ló padà já a kulẹ̀.

Ẹnjiníà kan wà tó ń tọ́jú ẹ̀rọ ní yàrá àwọn ọmọ tí oṣù wọn kò pé. Òun ló gbé aṣọ dúdú kan wá bá a, aṣọ tó gan bíi pátákó, ó ní kó máa fi rán fìlà kéékèèké fáwọn ọmọ náà. Kó lè yé e, ó tan tọ́ọ̀ṣì, ó fi àtẹ́lẹwọ́ bo ojú rẹ̀, ọwọ́ náà sì pọ́n yòò. Ó ní bí ìmọ́lẹ̀ ṣe ń gba inú ara kọjá nìyẹn, pé irú rẹ̀ kan lẹ̀rọ òun fi ń wo inú orí ọmọ láìgé e, láìgún un. Wọ́n á lẹ nǹkan pẹlẹbẹ kan mọ́ iwájú orí ọmọ, á tan ìmọ́lẹ̀ wọnú ọpọlọ, á sì gba èyí tó bá padà bọ̀. Bí ìmọ́lẹ̀ ṣe ń gba inú ẹ̀jẹ̀ tó ní ọ́síjìn kọjá yàtọ̀ sí bó ṣe ń gba inú èyí tí kò ní. Ibẹ̀ lẹ̀rọ ti ń mọ̀ bóyá ọpọlọ ọmọ ń rí ọ́síjìn tó, nọ́ńbà á sì jáde lójú rẹ̀. Bí nọ́ńbà bá já wálẹ̀, ẹ̀rọ á ké, nọ́ọ̀sì á sáré. Iṣẹ́ fìlà ni pé kó má jẹ̀ẹ́ kí ìmọ́lẹ̀ ìta bá ti ẹ̀rọ dà pọ̀, pàápàá ti iná ńlá tó ń mú àwọn ọmọ náà móoru látòkè. Ẹnjiníà ní aṣọ yìí nìkan ni kó máa lò. Kò sọ ìdí rẹ̀, Ìyá Abẹ́rẹ́ náà ò sì béèrè. Lójú tiẹ̀, dúdú ṣáà ni dúdú.

Ọmọ kan ṣoṣo ni Ìyá Abẹ́rẹ́ bí, obìnrin ni. Oyún ti bà jẹ́ lára ọmọ yìí rí, ó tún bà jẹ́. Èyí tó wá dúró, kò dúró pé oṣù. Ọmọ bíńtín ló fi bí, odidi ọwọ́ rẹ̀ kò ju àtàǹpàkò ìyá àgbà rẹ̀ lọ. Yàrá yẹn náà ni wọ́n gbé e lọ, wọ́n sì dé ọ̀kan nínú fìlà tí ìyá àgbà rán sí i lórí. Ìyá ọmọ kì í kúrò nídìí àpótí dígí tí wọ́n tẹ́ ẹ sí. Nọ́ńbà ń lọ sókè, ó ń bọ̀ wálẹ̀, gbogbo ìgbà tí ẹ̀rọ bá sì ké ni àyà rẹ̀ ń já. Aṣọ gígan náà tún bẹ̀rẹ̀ sí í gé ọmọ níwájú orí, ibẹ̀ pọ́n, ó ń ṣomi.

"Màmá," ọmọ rẹ̀ wí fún un, "fìlà yín ń bó o lára."

Àgbà kì í wà lọ́jà kórí ọmọ tuntun wọ́. Ta ni yóò rí orí ọmọ ọmọ rẹ̀ tó ń bó, tí abẹ́rẹ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀, tí yóò fọwọ́ lẹ́rán? Ìyá Abẹ́rẹ́ tú àpótí àjákù aṣọ rẹ̀. Ó rí èyí tó ṣẹ́ kù nígbà tó rán kọ́tìnì yàrá dókítà ojú, aṣọ dúdú bí èédú, tó rí múlọ́múlọ́. Bí wọ́n bá fa kọ́tìnì yẹn lọ́sàn-án gangan, dókítà ojú kò ní rí ọwọ́ ara rẹ̀. Ó ṣẹ́ ẹ po, ó gbé e síwájú gílóòbù, ó di ojú kan. Kò rí nǹkan kan. Ó gbé e lọ sójú fèrèsé, ó fi dojú kọ oòrùn, kò rí nǹkan kan níbẹ̀ náà. Inú rẹ̀ dùn gan-an ni.

Ẹnjiníà kò sí nílé, ó ti lọ tún ẹ̀rọ ṣe nílé ìwòsàn mìíràn. Sístà tó ń ṣe olórí yàrá náà ló gba fìlà tuntun yẹn, ó fi pa ẹ̀rẹ̀kẹ́ ara rẹ̀, ó ní kí wọ́n bá òun náà rán ọ̀kan. Ó dé e sọ́mọ lórí. Nọ́ńbà gun òkè, ó jókòó síbi tó dáa, kò kúrò níbẹ̀ mọ́. Ẹ̀rọ dákẹ́. Ara tu gbogbo wọn. Sístà ní káwọn dókítà bọ́ kóòtù wọn sílẹ̀, kí wọ́n gbé téèpù ìránṣọ kọ́rùn. Ìyá ọmọ sùn lọ lórí àga, pẹ̀lú ẹnu lílà, oorun tí kò rí sùn látìgbà tó ti bímọ. Iwájú orí ọmọ ń jinná bọ̀. Ìyá Abẹ́rẹ́ lọ ṣe fáàrí fún bàbá tó ń lọṣọ, pé fìlà òun ti pa ẹ̀rọ oníkígbe lẹ́nu mọ́. Bàbá ní kó bá òun rán ọ̀kan lọ fún ìyàwó òun.

Nígbà tí Ẹnjiníà padà dé, nọ́ńbà tí kì í yẹ̀ yẹn gan-an ló kọ́kọ́ bà á lẹ́rù. Ọmọ tó wà láàyè, nọ́ńbà rẹ̀ ń lọ, ó ń bọ̀ ni. Bó ṣe ń wò ó lọ́wọ́, èémí ọmọ dúró díẹ̀, bó ṣe máa ń ṣe irú wọn, ètè rẹ̀ ṣú, síbẹ̀ nọ́ńbà jókòó síbi tó wà. Ẹnjiníà já fìlà kúrò, ó fi aṣọ gígan bo iwájú orí rẹ̀. Nọ́ńbà já lulẹ̀, ẹ̀rọ bú sígbe. Sístà sáré, dókítà sáré, wọ́n ní kí ìyá ọmọ bọ́ síta.

Ìyá Abẹ́rẹ́ kò mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ó rí Ẹnjiníà lẹ́nu ọ̀nà yàrá ìránṣọ pẹ̀lú fìlà lọ́wọ́, ó rò pé ó wá jà nítorí aṣọ tó pààrọ̀ ni, ó sì ti múra ẹnu sílẹ̀. Ẹnjiníà kò jà. Ó mú rìmóòtù fáànù tó wà lórí tábìlì, ó tẹ̀ ẹ́, ó ní kí Ìyá Abẹ́rẹ́ wo ẹnu rìmóòtù náà. Kò rí nǹkan kan. Ó ní kó wò ó nínú kámẹ́rà fóònù òun. Iná kékeré kan ń ṣẹ́jú níbẹ̀. Ó wá fi fìlà múlọ́múlọ́ bo ẹnu rìmóòtù, ó tún tẹ̀ ẹ́, iná náà ṣì ń ṣẹ́jú nínú fóònù. Ó fi aṣọ gígan bò ó, iná kú.

"Ojú èèyàn kì í rí irú ìmọ́lẹ̀ yìí, Màmá," Ẹnjiníà wí. "Ó kún inú iná tó ń mú àwọn ọmọ móoru. Ó ń gba inú aṣọ yín kọjá bí ẹni pé kò sí aṣọ níbẹ̀. Òun lẹ̀rọ ń kà, kì í ṣe orí ọmọ. Ó yẹ kí n ti sọ fún yín."

Ìyá Abẹ́rẹ́ gba fìlà náà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó béèrè bí ọmọ ṣe wà. Ẹnjiníà ní kó lọ bá dókítà.

Ọmọ kò kú. Ṣùgbọ́n dókítà ní ọpọlọ rẹ̀ ti fara gbá àìrí ọ́síjìn. Ó ní kò sẹ́ni tó lè sọ ìgbà tó bẹ̀rẹ̀, pé ó máa ń ṣe àwọn ọmọ tí oṣù wọn kò pé, pé ó lè má jẹ́ ẹ̀bi fìlà rárá. Ó fi tu Ìyá Abẹ́rẹ́ nínú, kò tù ú. Sístà pè é sí kọ̀rọ̀, ó bẹ̀ ẹ́ kí wọ́n jẹ́ kọ́rọ̀ náà kú síbẹ̀, torí ohun tó wà lọ́rùn ìyá ọmọ ti tó o gbé. Sístà kì í ṣèèyàn burúkú o. Ẹ̀rù ń ba òun náà ni, ṣebí ọwọ́ rẹ̀ ló dé fìlà. Ìyá Abẹ́rẹ́ dá a lóhùn pé ìka tó ṣẹ̀ lọba ń gé, ó sì lọ bá ọmọ rẹ̀ lórí bẹ́ǹṣì ọ̀dẹ̀dẹ̀.

Ó sọ gbogbo rẹ̀ fún un, kò fi ọ̀kan pa mọ́: aṣọ gígan, àjákù kọ́tìnì, gílóòbù, rìmóòtù. Ó gbé fìlà náà lé e lọ́wọ́. Ọmọ rẹ̀ ń fi ìka ra á.

"Mo sùn," ó ní. "Nígbà tí ẹ̀rọ dákẹ́, Màmá, mo sùn."

Láti ọjọ́ náà kò wá sílé ìyá rẹ̀ mọ́. Bí wọ́n ṣe dá ọmọ sílẹ̀ nílé ìwòsàn ló gbé e lọ sílé ọkọ rẹ̀, ẹlòmíràn ló sì ń sọ fún Ìyá Abẹ́rẹ́ bó ṣe ń dàgbà sí: pé kò tíì jókòó, pé ó ti jókòó, pé gìrì ń mú un, pé ó ti ń rìn, àmọ́ ó ń ṣubú. Ìyá Abẹ́rẹ́ ń rán aṣọ ibùsùn lọ. Bàbá tó ń lọṣọ á sọ ọ̀rọ̀ ẹ̀fẹ̀ láti yàrá kejì, kò ní rí ẹni dá a lóhùn. Àánú rẹ̀ sì ṣe gbogbo wọn nílé ìwòsàn.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ilẹ̀kùn yàrá ìránṣọ ṣí. Ọmọ rẹ̀ ló dé, ó pọn ọmọ tó ti tóbi ju ẹni tí wọ́n ń pọ̀n lọ. Ó kúnlẹ̀ kí ìyá rẹ̀ bí ẹni ń kí àlejò. Ó sọ ọmọ kalẹ̀, àpá ọgbẹ́ lóríṣiríṣi wà níwájú orí rẹ̀.

"Mi ò tíì dárí jì yín, Màmá," ó ní. "Fìlà ni mo wá rán. Bí gìrì bá ti mú un, orí ló fi ń ṣubú lulẹ̀. Mo wá èyí tí wọ́n ń tà káàkiri, kò séyìí tó bá orí rẹ̀ mu."

Ìyá Abẹ́rẹ́ kúnlẹ̀, ó fi téèpù yí orí ọmọ náà ká. Ọmọ mú ìdí téèpù, ó fi sẹ́nu, ó rẹ́rìn-ín. Ìyá Abẹ́rẹ́ ka nọ́ńbà tó rí lójú téèpù, ó dìde lọ sídìí àpótí àjákù aṣọ rẹ̀. Ọwọ́ rẹ̀ kọ́kọ́ lọ bá nǹkan múlọ́múlọ́ kan, ó jù ú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó mú awọ tó nípọn àti fóòmù líle jáde, ó ń fi àtàǹpàkò tẹ̀ wọ́n wò.

"Èyí tó máa gbà á sílẹ̀ nìyí," ó wí. "Ṣùgbọ́n ó le. Ó lè bó o lára."

Ẹ̀rọ ìránṣọ lọmọ rẹ̀ ń wò, kò wo ojú rẹ̀.

"Ẹ jẹ́ kó le," ó ní.