Àdúrà Ẹni Tó Ń Kó Iṣu Fún Mi

Èmi kì í tètè gba èèyàn gbọ́, àmọ́ ọkùnrin tó ń kó iṣu wá fún mi láti Modena mọ Bíbélì ju bí mo ṣe mọ ọjà lọ. A jọ fọwọ́ sí contratto, ìwé àdéhùn, pé iṣu tó dáa ni yóò máa kó wá sí ṣọ́ọ̀bù mi ní Padova. Lọ́jọ́ Mọ́ńdè kan, mo gé iṣu mẹ́ta wò nínú èyí tó kó dé. Gbogbo wọn ti jẹrà. Mo pè é, mo ní màá kọ ìwé ẹ̀sùn sí i.

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì kọ nǹkan kan. Ẹ jẹ́ kí n gbàdúrà sí i. Pásítọ̀ ìjọ wa á bá wa parí ẹ̀ lọ́jọ́ Sọ́ńdè."

Ara fu mí. Àdúrà wo ló ń jí iṣu tó ti jẹrà dìde? Síbẹ̀, ojú pásítọ̀ ni mo wò, mi ò kọ ìwé náà. Lọ́jọ́ Sọ́ńdè, ọkùnrin náà kò yọjú; ó ní àdúrà ṣì ń lọ lọ́wọ́. Ní Wẹ́sìdeè, àtẹ̀jíṣẹ́ rẹ̀ wọlé: "Màmá, mo ti gbàdúrà tán. Bí ẹ bá ṣì fẹ́ kọ̀wé, ẹ lè kọ ọ́." Mo tilẹ̀ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, òmùgọ̀ èmi!

Mo gba ọ̀dọ̀ lọ́yà lọ. Obìnrin náà ní òfin fún ẹni tó ra ọjà tó bàjẹ́ ní ọjọ́ mẹ́jọ péré, láti ọjọ́ tó ti rí i, kó fi tó ẹni tó tà á létí. Mo ní mo pè é. Ó ní, "Ẹ̀rí dà?"

Mo fi ìka kà á lórí tábìlì rẹ̀. Túsìdeè ni ọjọ́ mẹ́jọ náà pé. Òwúrọ̀ Wẹ́sìdeè ni àdúrà ọkùnrin náà parí.