Àgbálùmọ̀ Tí Mo Ká ní Ìbẹ̀fun

Ní Ìjẹ̀bú-Òde tí mo ti ń lẹ táyà, inú abọ́ àwọn tó ń tà á ni mo ti mọ àgbálùmọ̀. N kò mọ̀ ọ́n lórí igi. Nígbà tí mo wá lọ sí Ìbẹ̀fun láti kí ìyá ọmọbìnrin tí mo fẹ́ fẹ́, tí mo bá ilẹ̀kùn ní títì, tí mo sì rí igi ńlá lẹ́yìnkùlé tí èso rẹ̀ ti ń pọ́n, mo ní kí n yáa ṣe iṣẹ́ àna díẹ̀ kí wọ́n tó ti oko dé.

Ó nídìí tí mo fi fẹ́ kí ọ̀rọ̀ mi wọ̀ wọ́n létí. Ó ṣì ku ọdún méjì kí ọmọ wọn parí iṣẹ́ nọ́ọ̀sì tó ń kọ́, èmi sì fẹ́ bẹ̀ wọ́n pé kí a ṣe ìyàwó lọ́dún yìí. Ọmọbìnrin náà kò fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó ti sọ fún mi, mo sì ní kò burú, àmọ́ mo ti to ọ̀rọ̀ jọ sínú tí mo máa sọ lójú ìyá rẹ̀.

Mo bọ́ bàtà, mo gun igi àgbálùmọ̀ náà. Ìdí igi náà ní ìhà bí ògiri kéékèèké, ibẹ̀ ni mo fẹsẹ̀ tì. Ewé rẹ̀ ń dán lókè, abẹ́ rẹ̀ sì pọ́n bí irin tó dógùn-ún. Bí mo ṣe ń já èso, oje funfun ń kán sí mi lápá. N kò bi ara mi pé kí ló dé tí ẹnì kankan ò tíì ká a. Mo ká ẹ̀ka ìsàlẹ̀ tán, bàsíà kan kún.

Màmá àti ọmọ wọn dé. Mo dọ̀bálẹ̀, mo gbé bàsíà síwájú wọn. Wọ́n wo igi, wọ́n wo bàsíà. Màmá jókòó, wọ́n mú ọ̀kan, wọ́n sì jẹ ẹ́ tán, nítorí pé èmi ni mo ká a. Ó kan débi pé wọ́n di ojú. Ètè wọn lẹ̀ pọ̀.

Bàbá arúgbó tó ń gbé ilé kejì yà wá kí wọn, ó sì rí gbogbo rẹ̀.

“Ará Òde, ṣé bí ẹ ṣe ń lẹ táyà nìyí? Àbí o fẹ́ lẹ ẹnu ìyá ìyàwó ẹ pa, kó má bàa rí ẹnu sọ pé òun ò fún ẹ lọ́mọ?”

Màmá náà rẹ́rìn-ín, wọ́n fi epo pa ètè. Wọ́n wá rọra sọ fún mi pé awọ tó pọ́n máa ń tanni jẹ, pé èyí tí a bá já, híhunjọ ló máa hunjọ nílé, kò ní dùn. Ìdájí ni àwọn máa ń ṣa èyí tó bá já bọ́ lóru, wọn a sì pín in yí àdúgbò ká.

“A kì í ká a, ọmọ mi. A máa ń dúró dè é ni.”

Lẹ́yìn náà ni wọ́n bi mí ohun tí mo bá wá.

“Mo kàn wá kí yín ni, mà.”

Ọmọbìnrin náà sìn mí dé ibi tí mo ti máa wọ ọ̀kadà. Ó ní òun ti rí i lójú mi pé mo fẹ́ sọ ọ̀rọ̀ ìyàwó ọdún yìí.

“O ṣeun tí o ò sọ ọ́. O ro tèmi.”

Kì í ṣe tirẹ̀ ni mo rò. Ìtìjú ló pa mí lẹ́nu mọ́. Ó yẹ kí n jẹ́wọ́ níbẹ̀, àmọ́ mo ní kò tọ́pẹ́, mo gun ọ̀kadà. Títí di òní ló ń ròyìn mi fáwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ pé ọkùnrin tó ní sùúrù ni mí, n kò sì tíì lè la ẹnu sọ fún un pé kò rí bẹ́ẹ̀.