Aránṣọ àti Ilé Tí Kì Í Tú Ọ̀rọ̀

Ẹni tó bá fẹ́ràn ilé ju bó ṣe yẹ lọ, kó wá jókòó ti Abẹ́rẹ́-ò-sùn. Aránṣọ ni. Láti ìgbà èwe rẹ̀ ló ti ń kó láti yàrá onílé kan bọ́ sí ti òmíràn, òun, ìyá rẹ̀ àti màṣíìnì rẹ̀, bí ológbò tó ń kó ọmọ kiri. Nígbà tí àwọn iwin tó ń kọ́lé nílùú rẹ̀ ní kó bá àwọn rán aṣọ iṣẹ́, aṣọ tí kò ju ewé ọsàn lọ, ó rán an dáadáa débi pé wọ́n bi í léèrè ohun tó fẹ́. Kò jẹ́ kí wọ́n parí ọ̀rọ̀ tó fi ní ilé ni.

Bí iwin bá kọ́lé, ilé ni. Ìrì òwúrọ̀ ni wọ́n pò mọ́ eruku ìyẹ́ labalábá, wọ́n sì ń fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ̀ ẹ́ títí ó fi dì. Ògiri ń móoru lásìkò òtútù. Fèrèsé kan wà níbẹ̀ tó ń rìn: ibikíbi tí aránṣọ bá gbé màṣíìnì sí, fèrèsé á rìn lára ògiri wá síbẹ̀, á da ìmọ́lẹ̀ sí abẹ́ abẹ́rẹ́ gan-an. Ẹ sọ fún mi, ọkọ wo ló ń ṣe bẹ́ẹ̀?

Ọ̀gá àwọn iwin kìlọ̀ fún un. Ó ní ilé àwọn kì í tú ọ̀rọ̀. Ohun tí onílé bá fẹnu ara rẹ̀ wí ni ilé yóò ṣe, ilẹ̀kùn kì í sì í ṣí fún onílé tó bá panu mọ́. Abẹ́rẹ́-ò-sùn rẹ́rìn-ín. Ó ní ṣé òun tó ń sọ̀rọ̀ lójú oorun ni yóò panu mọ́.

Lọ́jọ́ kejì, ó fẹ́ lọ ra òwú. Ó dágbére fún ìyá rẹ̀ bí gbogbo ọmọ tí wọ́n kọ́ nílé ṣe ń ṣe.

“Màmá, mò ń bọ̀ o.”

Ilẹ̀kùn ṣí. Ó dé kọ́nà, ẹsẹ̀ rẹ̀ yípo. Kì í ṣe òun ló yí i. Ẹsẹ̀ gbé e padà, ó di pálọ̀, ó di iwájú ìyá rẹ̀. Ó ní òun ń bọ̀, ilé sì mú un bọ̀. Ó tún un ṣe títí ó fi rẹ̀ ẹ́.

Bó bá wá ní “mo lọ” ńkọ́? Ọ̀gá iwin ní ẹni tó bá ní òun lọ ti lọ nìyẹn, ilẹ̀kùn kò ní í mọ ojú rẹ̀ mọ́. Bẹ́ẹ̀ ìyá rẹ̀, ìyá àgbà, tí àwọn náà jẹ́ onílé, wà ní yàrá. Láti ìgbà tí wọ́n ti ṣubú, ẹsẹ̀ wọn kò gbé wọn mọ́. Àwọn gan-an ló sì kọ́ ọ láti kékeré pé ọmọ gidi kì í ní òun lọ, òkú ló ń lọ.

Bí aránṣọ ṣe di ẹlẹ́wọ̀n nínú ilé tó wu gbogbo ayé nìyẹn. Àlejò ń wọlé, wọ́n ń jáde. Onílé nìkan ni ilé dì mú. Àwọn oníbàárà ń gbé aṣọ wá bá a, wọ́n ń ní ó ti di ọlọ́lá, kì í tẹ ìgboro mọ́. Ìtìjú kò jẹ́ kó sọ. Á rẹ́rìn-ín, á wọn èjìká wọn; bí wọ́n bá ti lọ tán, á fi iwájú orí ti ilẹ̀kùn, á sunkún.

Ẹkún náà pọ̀ sí i nígbà tí oyún ọmọ rẹ̀ obìnrin, tó ti wà nílé ọkọ, pé oṣù. Oyún àkọ́kọ́ ti kú mọ́ ọn nínú, ẹ̀rù sì ń bà á. Ó ní bí ìyá òun kò bá di òun lọ́wọ́ mú, òun kò ní í lè bí i. Abẹ́rẹ́-ò-sùn sì ti ṣèlérí pé òun á wà níbẹ̀.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó jókòó, ó ń ro ọ̀rọ̀ méjèèjì wò. Bó bá ní òun ń bọ̀, kò ní í dé ọ̀dọ̀ ọmọ. Bó bá ní òun lọ, kò ní í padà dé ọ̀dọ̀ ìyá. Ìyá àgbà ní kó wí i, kó máa lọ, àwọn ti jayé àwọn.

Ibẹ̀ ni wọ́n wà tí káfíńtà, ọkọ ọmọ rẹ̀, fi sáré dé ìta. Kò dúró kan ilẹ̀kùn.

“Ìyá wa, ẹ máa bọ̀! Ó ti ń rọbí.”

“Mò ń bọ̀!”

Ó ti jáde lẹ́nu rẹ̀ kó tó rántí. Ta ni wọ́n pè tí kò ní í dáhùn bẹ́ẹ̀? Ó dé kọ́nà, ó dijú, ó ń retí kí ẹsẹ̀ yípo. Ẹsẹ̀ kò yípo. Ó ń sáré débi pé káfíńtà ló ń mí hẹlẹ lẹ́yìn. Ìgbà náà ló yé e. Ẹni tí onílé bá wí “mò ń bọ̀” fún, ọ̀dọ̀ ẹni náà ni ilé ń gbé e lọ. Ní gbogbo ìgbà tó ti ń wí i, ìyá rẹ̀ tó wà nínú ilé ló ń wí i fún.

Ó di ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́ mú. Wọ́n bí obìnrin, ó sì ké.

Inú rẹ̀ dùn, ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ wà nílé. Káfíńtà, tó jẹ́ àlejò níbẹ̀, ló ń gbé oúnjẹ lọ fún ìyá àgbà. Aránṣọ mọ̀ pé bí ìyá òun bá pè, tí òun dáhùn, ilé yóò gba òun wọlé. Àtijáde ńkọ́? Á di kí ẹnìkan tún wá pè é níta. Títí ayé, nínú ilé ara rẹ̀, á máa retí ẹni tó máa pè é. Inú bí i nígbà tó rò ó débẹ̀.

Nígbà tí ara ìkókó le díẹ̀, gbogbo wọn lọ síwájú ilé. Káfíńtà wọlé, ó gbé màṣíìnì jáde. Ìyá àgbà gbọ́ ohùn wọn, síbẹ̀ wọn kò pe ọmọ wọn wọlé. Aránṣọ mọ ìdí ẹ̀: ìyá rẹ̀ kò fẹ́ kó tún há. Òun náà ló pè.

“Màmá, ẹ máa bọ̀. Ẹ wá wo ọmọ.”

“Bí mo bá jáde, ta ló kù nínú ilé tó máa pè wá wọlé?”

“Kò sẹ́nì kan.”

“Ilé tó o ti ń tọrọ látọjọ́ yìí?”

“Màmá, ẹ máa bọ̀.”

“Mò ń bọ̀,” ni ìyá àgbà wí.

Wọ́n gbọ́ ìró ẹsẹ̀ ní pálọ̀. Ẹsẹ̀ tó ti kú tipẹ́ ń rìn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ilé ló ń gbé e. Ìyá àgbà yọ lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n dé ọ̀dọ̀ ọmọ wọn, wọ́n fọwọ́ kan ìkókó lójú, orúnkún wọn sì yẹ̀. Aránṣọ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó pọ̀n wọ́n. Ilẹ̀kùn rọra pa dé.

Bí káfíńtà ṣe gbé màṣíìnì rù, tó ń lọ, fèrèsé ń bá a rìn lára ògiri, títí ó fi kan igun ilé. Ibẹ̀ ni ògiri tán. Ó dúró, ó ń da ìmọ́lẹ̀ síbi tí kò sí nǹkan kan. Omi bọ́ lójú aránṣọ. Ilé náà kò ṣẹ̀ ẹ́. Ohun tó wí náà ló ń ṣe. Ẹnu rẹ̀ ti fẹ́ wí fún un pé òun ń bọ̀.

“Má parọ́ fún un,” ni ìyá àgbà wí lẹ́yìn rẹ̀.

“A lọ,” ni ó wí.