Ọ̀gá Mi Níbi Ìsìnkú Ìyá Rẹ̀

Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún mi tẹ́lẹ̀ pé ọmọ Iran ni yóò kọ́ mi níṣẹ́ fídíò ní Kumasi, n ó ní orí rẹ̀ ti dàrú. Ní Tehran, ọ̀gá mi a máa ya fíìmù, òun náà ló ń gé e, tó ń tò ó, títí ọ̀kan fi bí ìjọba nínú. Ó sá. Bó bá padà, ẹ̀wọ̀n ni. Àdúgbò Ayigya ní Kumasi ló fìdí kalẹ̀ sí, nínú yàrá kan tó gbóná bí ààrò, níbi tí èmi, ọmọ Ìlọrin láti àdúgbò Asawase, ti ń bá a to fídíò ìsìnkú àwọn Ashanti.

Iṣẹ́ òkú ló ń bọ́ wa, n kò ní tàn yín. Àwọn ọmọ olóògbé tó wà lókè òkun, tí wọn kò ráyè wá, a máa wọ aṣọ dúdú, wọn a ya ara wọn ní fídíò ránṣẹ́, wọn a ní ká gbé àwọn sáàárín àwọn tó ń sunkún. Ọ̀gá mi kórìíra rẹ̀. Á ní, "Ẹni tí kò wá, kò wá." Èmi ni mo máa ń ṣe é, n ó sì máa kùn: ṣé ìkórìíra la ó jẹ lálẹ́ ni?

Ìyá rẹ̀ wá kú ní Tehran. Ẹni ọmọ sin ló bímọ, òun sì ni àkọ́bí. Àbúrò rẹ̀ obìnrin fi fídíò ìsìnkú ránṣẹ́. Ìyá Ashanti tó ń tajà lẹ́nu ọ̀nà wọlé wá bá a kẹ́dùn: "Due, due." Èmi ni ọ̀gá mi kọjú sí.

"Gbé kámẹ́rà. Fi mí síbẹ̀."

Àánú rẹ̀ ṣe mí, mo gbé kámẹ́rà. Ó wọ kóòtù dúdú, ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Mo ní kó wolẹ̀ bí ẹni ń wo sàréè. Ló bá bẹ̀rẹ̀: ìmọ́lẹ̀ pọ̀ jù, sún sósì, òjìji mi kò lọ síbi tí tiwọn lọ. À ń yà á, à ń tún un yà. Kò ráyè sunkún. Inú bí mi; mo fẹ́ pariwo mọ́ ọn pé ìyá rẹ̀ ló kú, kì í ṣe fíìmù.

Nígbà tí mo tò ó tán, ó wà níbẹ̀ lóòótọ́, láàárín àbúrò rẹ̀ àti ọkùnrin kan tó mú ṣọ́bìrì dání. Ó wò ó, ó tún un wò. Ó yíjú sí mi.

"Ṣé mo ti sin ín báyìí?"

"Ẹ ti sin ín, ọ̀gá mi."

Ó mi orí. Ó tẹ́ àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì síwájú mi, ó ní, "Kò sí erùpẹ̀ níbẹ̀."