Àmín Tó Há Mi Lọ́fun

Òórùn aáyù tó ń yíràá nínú òróró gbígbóná ni mo kọ́kọ́ gbọ́ kí n tó rí ẹnikẹ́ni nínú ilé ìdáná yẹn. Aáyù, tòmátò tí wọ́n ti ń sè láti àárọ̀, àti òórùn wáìnì tó rọra ń kan bí ọsàn tó ti pẹ́ nílẹ̀. Greenspoint ni ibẹ̀ wà, ní apá àríwá Houston, lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù kan tí wọ́n ti ń ta wáìnì àti ṣíìsì. Àwọn ọdún yẹn ni iṣẹ́ epo dẹnu kọlẹ̀ ní Texas, láàárín nǹkan bí ọdún 1980 sí 1990. Ọ̀pọ̀ apátímẹ́ńtì tí a kọjá lọ́nà ló ṣófo, tí àwọn kọ́tìnì wọn ṣì wà lójú fèrèsé. Ibẹ̀ ni èmi àti àbúrò mi ti lọ kọ́ oúnjẹ àwọn ará Ítálì, ìyá wa sì wà ní mọ́ṣúárì nílé.

Ọ̀rẹ́ mi, ìwọ náà mọ̀ mí. Inú mi kì í gba ọ̀rọ̀. Bí o bá fẹ́ kí gbogbo Ìjẹ̀bú-Òde gbọ́ nǹkan kan, pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kí o sì bẹ̀ mí pé kí n má sọ. Èmi yìí náà ni ẹbí wá rán ní irú iṣẹ́ yẹn. Màmá kú lójú oorun, ní àsìkò tí wọ́n ń palẹ̀ mọ́ láti wá wẹ ọmọ fún àbíkẹ́yìn wọn ní Amẹ́ríkà. Nọ́ọ̀sì ni àbúrò mi yìí. Ó ti wá ọmọ títí, ojú rẹ̀ ti rí nǹkan, oyún náà sì ti wọ oṣù kẹjọ. Ẹbí ní a kì í túfọ̀ òkú fún aboyún lórí fóònù. Mo ní físà lọ́wọ́ nítorí léèsì tí mo máa ń rìnrìn àjò lọ rà, ni wọ́n bá ní èmi ni kí n lọ.

Ẹ̀gbọ́n wa ọkùnrin na ìka sí mi lójú. "Má dá a sọ o. Jẹ́ kí àwọn àgbà ìjọ rẹ̀ wá bá a nílé lọ́jọ́ Sọ́ńdè. Kó ti jẹun, kó jókòó dáadáa, kí wọ́n fi àdúrà yí i ká. Bí o bá tú u ṣáájú, tí nǹkan bá ṣe oyún yẹn, ọrùn rẹ ló wà." Mo ní mo ti gbọ́.

Ọkọ rẹ̀ ló wá gbé mi ní pápákọ̀ òfuurufú. Ilé iṣẹ́ ìfọpo ní Baytown ló ti ń ṣiṣẹ́, wọ́n sì ti sọ fún un. A sunkún díẹ̀ nínú mọ́tò, ó fún mi ní ańkáṣíìfù, ó ní kí n nu ojú mi kí a tó dé ilé wọn ní Alief. Bí àbúrò mi ṣe ṣílẹ̀kùn báyìí, ohun tó kọ́kọ́ bi mí ni, "Màmá ńkọ́?" Mo ní wọ́n ní kí n kí i. Mo gbé ẹrù tí mo bá nínú yàrá Màmá fún un: àdí, ọṣẹ dúdú, kànhìnkànhìn tuntun, gbogbo rẹ̀ nínú gèlè àtijọ́ kan tí Màmá fi ọwọ́ ara wọn dì. Ó gbé e sí imú, ó gbóòórùn rẹ̀, ó rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ló wá wò mí.

"Àǹtí mi, kí ló dé tí Màmá fi kó ẹrù ọmọ fún yín, nígbà tí àwọn fúnra wọn ń bọ̀?"

"Ẹrù tiwọn ti pọ̀ jù ni. Àbí o ò mọ ìyá ẹ ni?"

Ìyẹn kọjá. Èyí tó le ni àdúrà àárọ̀. Ilé Aládùúrà ni ilé wọn, kò sí àárọ̀ tí àbúrò mi kì í gbàdúrà fún Màmá: kí Ọlọ́run dá wọn sí, kí ọkọ̀ òfuurufú gbé wọn dé láyọ̀. Bó bá ti parí gbólóhùn kan, ọkọ rẹ̀ á ké "Àmín!" tí gíláàsì fèrèsé á fẹ́rẹ̀ẹ́ mì. Ó ń fi ohùn rẹ̀ bò ó mọ́lẹ̀ pé èmi ò ṣàmín. Àbúrò mi ní, "Ẹ rọra o, ẹ má jí àwọn tó ń gbé lókè wa." Èmi dojú bolẹ̀, mo ń jẹ ètè mi.

Àwọn ará ibi iṣẹ́ rẹ̀ ló fi kíláàsì ìdáná yẹn ta á lọ́rẹ nítorí ọmọ tó ń bọ̀. Ẹni méjì ló wà fún, lọ́jọ́ Sátidé, wáìnì títọ́wò sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Mo ní ara mi kò yá. Ó ní irọ́ ni mò ń pa. "Ẹ̀yin lẹ máa bá mi mu wáìnì, èmi á máa gbóòórùn ẹ̀. Oúnjẹ rírọ̀ ni mo fẹ́ kọ́ ní tèmi. Ṣebí eyín Màmá ti fẹ́ẹ̀ tán." Bẹ́ẹ̀ ló wa mọ́tò, tó ń kọrin lórí títì márosẹ̀, tí ikùn rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ kan sítíárìn ọkọ̀.

Ìyá arúgbó ará Ítálì kan tó jẹ́ opó ló ń kọ́ wa, aṣọ dúdú látòkè délẹ̀. Àwa méjì àti àwọn òyìnbó bíi mélòó kan la wà níbẹ̀. Ó gbé ìkòkò kalẹ̀, ó da ìyẹ̀fun àgbàdo sínú omi tó ń hó, ó mú igi gígùn kan, ó bẹ̀rẹ̀ sí í rò ó. Polẹ́ńtà ló pè é. Èmi àti àbúrò mi wo ara wa.

"Ha! Túwó nìyí!" Ni ẹ̀rín bá pa wá. Fún ìṣẹ́jú yẹn mo gbàgbé. Àbúrò mi gba igi lọ́wọ́ ìyá náà, ó fi ẹsẹ̀ múlẹ̀, ó rò ó bí wọ́n ṣe ń rokà nílé wa, kò sí kókó kan tó yọjú níbẹ̀. Ìyá náà pàtẹ́wọ́. Ó bi í pé ta ló kọ́ ọ. Àbúrò mi ní ìyá òun ni, wọ́n sì ń bọ̀ lóṣù tó ń bọ̀. "Mú un wá síbí," ni ìyá arúgbó wí, "mo fẹ́ rí i." Mo yíjú kúrò, mo lọ bá gíláàsì mi.

Wọ́n kọ́ wa bí wọ́n ṣe ń tọ́ wáìnì wò: o máa fì í, o máa gbóòórùn ẹ̀, o máa mú un dání lẹ́nu, lẹ́yìn náà o máa tu ú sínú bàsíà kan. Ẹ gbà mí! Ta ló ń tu ohun tí wọ́n fi ṣe é lálejò dànù lójú olóhun? Gbogbo rẹ̀ ni mo gbé mì. Ọ̀kan kan bí àgbálùmọ̀ tí kò pọ́n, òmíràn korò, ó fà mí láhọ́n. Mo rò pé bí mo bá mu ún tó, ọjọ́ yẹn á tètè lọ, ilẹ̀ Sọ́ńdè á mọ́, ẹrù á kúrò lórí mi.

Wọ́n wá da polẹ́ńtà náà sórí pákó, ìyá arúgbó fi okùn gé e sí wẹ́wẹ́. Ó ní nílé àwọn, ẹni tó bá ro ó ló máa ń kọ́kọ́ gbé gíláàsì, kó dárúkọ ẹni tó fẹ́ràn, kí gbogbo ilé tó mu. Àbúrò mi dìde. Omi èso àjàrà ló wà lọ́wọ́ rẹ̀ ní tirẹ̀, ọwọ́ kejì wà lórí ikùn. Ó fi òyìnbó bẹ̀rẹ̀, ṣùgbọ́n ó dà bíi pé òyìnbó kò gba àdúrà náà, ló bá yí i sí Yorùbá.

"Màmá mi, ẹ ó dé láyọ̀. Ọwọ́ yín lẹ ó fi wẹ ọmọ yìí. Ẹ̀mí yín á gùn, ẹ ó jẹun ọmọ pẹ́."

Àwọn òyìnbó gbé gíláàsì sókè, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Ọkọ rẹ̀ wà ní Baytown lẹ́nu iṣẹ́. Èmi nìkan ló kù tó yẹ kó ṣàmín, mo sì la ẹnu, mi ò rí i ṣe. Irọ́ ni mo ti ń pa fún un láti ọjọ́ tí mo ti dé, irọ́ náà sì ń yọ̀ jáde lẹ́nu mi. Ṣùgbọ́n kí n ṣàmín sí ẹ̀mí gígùn òkú, Ọlọ́run gan-an ni ǹ bá máa purọ́ fún. Ó há mi lọ́fun.

Ó ń wò mí, ẹ̀rín ṣì wà lẹ́nu rẹ̀. "Àǹtí mi, ẹ ò ṣàmín."

Mo tẹjú mọ́ pákó. Ó tún sọ ọ́, jẹ́ẹ́jẹ́, kì í ṣe àdúrà mọ́. "Ẹ̀mí Màmá á gùn." Mo gbé gíláàsì mi kalẹ̀. Ẹ̀rín náà kúrò lójú rẹ̀ díẹ̀díẹ̀.

"Nígbà wo?"

"Ọ̀sẹ̀ tó kọjá. Ojú oorun ni. Wọn ò jìyà."

Mo ti na ọwọ́ láti gbé e bó bá ṣubú. Kò ṣubú. Ó jókòó. Ìyá arúgbó sáré wá, ó bi í bóyá ọmọ ló ń bọ̀, àbúrò mi ní rárá, ooru ni. Ó fa àwo rẹ̀ mọ́ra, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun, omijé ń kán sínú oúnjẹ, ó ń jẹ ẹ́ bẹ́ẹ̀. "Ẹ jẹun, Àǹtí mi," ló wí, "wọ́n ń wò wá." Mo jẹ ẹ́. Mi ò lè sọ fún ọ bó ṣe dùn tó tàbí bó ṣe korò tó.

Nínú mọ́tò ló ti bi mí bóyá ọkọ òun mọ̀. Mo ní ó mọ̀, mo sì sọ iṣẹ́ tí ẹ̀gbọ́n wa rán mi, pé àwọn àgbà ìjọ ń bọ̀ lọ́la. Ó rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín yẹn burú ju ẹkún lọ. "Ìdí tó fi ń ké àmín nìyẹn." Ó yí ọkọ̀ sí ọ̀nà Alief. "Ẹ má sọ fún ẹnikẹ́ni pé mo ti mọ̀. Ẹ̀gbọ́n wa ò ní jẹ́ kẹ́ ẹ gbádùn. Ẹ jẹ́ kí wọ́n wá."

Wọ́n wá lóòótọ́, pẹ̀lú sùtánà funfun wọn. Ó gbé ìrẹsì fún wọn, òun náà jẹ díẹ̀ níṣojú wọn. Àgbà ìjọ bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ láti òkèèrè, ó ní ayé lọjà, ọ̀run nilé. Àbúrò mi ń wò ó bí ẹni tí kò mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ń lọ. Nígbà tí àgbà wá já a sílẹ̀ tán, ẹkún tó ti dì mọ́nú láti ọjọ́ Sátidé wá tú jáde, àwọn obìnrin ìjọ dì í mú. Ọkọ rẹ̀ fọwọ́ bà mí léjìká, ó ní mo ṣeun, mo káwọ́ ẹnu mi. Ọ̀rẹ́ mi, ojú tì mí débi pé ilẹ̀ ìbá lanu ǹ bá wọlé.

Ọmọ náà wá láyọ̀ nígbà tó tó àkókò, èmi ni mo sì fi kànhìnkànhìn Màmá wẹ̀ ẹ́. Ṣùgbọ́n wọ́n ti sin Màmá láìsí àbúrò mi níbẹ̀, nítorí kò sí ọkọ̀ òfuurufú tó máa gbé e nínú ipò yẹn. Títí dòní, ẹ̀gbọ́n wa ṣì ń yìn mí nípàdé ẹbí pé ẹnu mi ń pa àṣírí mọ́. Kò mọ̀ pé ẹrù tí gbogbo ìdílé ní ó wúwo jù fún aboyún, aboyún náà nìkan ló rù ú láti Greenspoint títí di ọ̀sán Sọ́ńdè, pẹ̀lú ọmọ nínú, láìsọ fún ọkọ tó sùn tì í. Ó rù ú kí ojú má baà tì mí. A ní òun la ń dáàbò bò. Àwa ló dáàbò bò.

Ó dárí jì mí, ó sọ ọ́ lẹ́nu. Ṣùgbọ́n láti ìgbà náà, bí mo bá sọ fún un lórí fóònù pé àlàáfíà ni gbogbo wa wà nílé, kì í dúró lórí ìyẹn. Á ní, "Àǹtí mi, ẹ jẹ́ ká gbàdúrà fún wọn." Á máa dárúkọ ará ilé lọ́kọ̀ọ̀kan, ẹ̀mí gígùn fún ẹ̀gbọ́n wa, ẹ̀mí gígùn fún àwọn ọmọ mi. Lẹ́yìn orúkọ kọ̀ọ̀kan, á dákẹ́, kò ní bọ́ sórí èyí tó kàn títí á fi gbọ́ àmín mi.