Bí Mo Ṣe Kọ́ Láti Fi Ọ̀rọ̀ Mìíràn Sọ Ìtàn

Nígbà tí mo wà ní kékeré ní Ìlá, mo ti mọ ebè í kọ kí n tó mọ ìwé í kà. Ìgbà tí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ dé ni bàbá mi tó jẹ́ kí n lọ, mo sì ti ga ju gbogbo ọmọ kíláàsì mi lọ. "Bàbá Kíláàsì" ni wọ́n ń pè mí. Bàbá mi sọ ọ́ kedere pé bí mo bá fìdí rẹmi nínú ìdánwò ìparí ọdún, oko iṣu ni mo ń padà sí. Mo pinnu pé n kò ní padà.

Iṣẹ́ kan ló fẹ́ lé mi padà sóko. Tíṣà á kọ ìtàn kúkúrú sójú pátákó, wọ́n á ní kí á fi ọ̀rọ̀ mìíràn kọ ọ́, kí ìtumọ̀ má yí padà. Mo rò pé mo ti mọ èyí láti ilé. Ìyàwó ilé ni ìyá mi, kò sì gbọdọ̀ pe orúkọ ẹni tó ti wà nílé ọkọ kí ó tó délé. Òjó, àbúrò bàbá mi, ni ó ń pè ní Adúmáadán. Àìná, àbúrò wọn obìnrin, ni Eyínfúnjowó. Bí ilẹ̀ bá sì ti ṣú, kò sẹ́ni tó ń pe ejò ní ejò: okùn ilẹ̀ ni. Bí mo ti ń jẹ ẹ̀kọ gbígbóná lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààrò ni gbogbo rẹ̀ ń wọ̀ mí létí.

Lọ́jọ́ kan Tíṣà kọ ọ́ pé: "Òjó pa ejò nínú oko. Àìná sáré wá wò ó." Mo kọ tèmi kíákíá: "Adúmáadán rán okùn ilẹ̀ sọ́run nínú igbó. Eyínfúnjowó fẹsẹ̀ fẹ́ẹ wá wò ó."

Tíṣà kà á sókè. Kíláàsì bú sẹ́rìn-ín.

"Ta ni Adúmáadán?"

"Òjó ni, sà. Bí ìyá mi ṣe ń pè é nìyẹn."

"Ṣé ìyàwó ilé Òjó tèmi náà ni ìyá rẹ? Ẹni tó sì fẹsẹ̀ fẹ́ẹ yìí, ṣé ó ń bọ̀ ni àbí ó ń sá lọ?"

Ẹnìkan kígbe láti ẹ̀yìn: "Bàbá Kíláàsì, ẹ dá wọn lóhùn!"

Mo kúnlẹ̀, mo nawọ́ sókè títí àwọn yòókù fi lọ jẹun. Tíṣà wá nu pátákó.

"Dìde. Òjó kì í ṣe mọ̀lẹ́bí yín, fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ fún un. Ó yá, sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ fún mi."

Mo ní, "Òjó rí ejò lóko, ó lù ú títí kò fi mira mọ́. Bí Àìná ti gbọ́, eré ló sá débẹ̀."

"Kọ èyí tí o sọ yẹn."

Láti ọjọ́ náà, ìtàn yòówù tí mo bá kà, mo ń kọ́kọ́ sọ ọ́ sókè fún àwọn ewúrẹ́ wa bí mo ti ń já ewé fún wọn. Mo yege ìdánwò náà. Bàbá mi gbé ọkọ́ wọn kọ́ èjìká, wọ́n ní, "Má tẹ̀ lé mi. Ilé ìwé ni kí o kọrí sí."

Ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi, ayé ti yàtọ̀. Kọ̀ǹpútà ń wá ọ̀rọ̀ mìíràn dípò ọ̀rọ̀ fún àwọn ọmọ báyìí. Àbíkẹ́yìn mi gbé ìwé kan tí kọ̀ǹpútà bá a kọ bẹ́ẹ̀ wálé láti Ìbàdàn. Mo bi í pé kí ni ìwé náà ń sọ. Ó tún ṣí i, ó ń wá ibi tí yóò kà fún mi. Láyé tiwa, bí ọ̀rọ̀ kò bá yé ọ, ohun tí o bá kọ ni yóò tú àṣírí rẹ fó. Nísinsìnyí, ọmọ lè kọ ọ́ parí kó má yé e rárá. Ìyá rẹ̀ kò sí mọ́, èmi nìkan ló kù tí yóò bi í. Nítorí náà mo ní kó jókòó tì mí, kó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́. Ó pẹ́, ó sì sú u, ṣùgbọ́n a kò dìde títí ó fi yé e.