Bùsàrí Ní Kí Adájọ́ Tún Ẹjọ́ Ìgbéga Òun Dá

Bùsàrí, ọmọ Ìkìrun, òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀. Kábúsà ló ń gbé, létí Àbújá. Ọdún tó ń bọ̀ ni yóò fẹ̀yìn tì, ohun kan ṣoṣo ló sì kù tó ń wá: kí wọ́n sọ ọ́ di igbákejì olùdarí kó tó lọ.

Òfin ní kó kọ́kọ́ ṣe ìdánwò. Kò ṣe é. Òun àti àwọn ọmọ tí òun kọ́ níṣẹ́, nínú gbọ̀ngàn kan náà? Ó kúkú pe ilé iṣẹ́ rẹ̀ lẹ́jọ́. Ẹjọ́ ò gbè é. Adájọ́ ní ẹni tí kò ṣe ìdánwò ò lè ní wọ́n fi ìgbéga du òun.

"Ní kí adájọ́ tún un wò," ló sọ fún lọ́yà rẹ̀, Kíkẹ́olúwa, ọmọ tí wọ́n bí sí Àbújá.

"Kóòtù kì í wo ẹ̀yìn bẹ́ẹ̀, Daddy. Tó bá ti dájọ́, ó ti tán nìyẹn. Àfi tí wọ́n bá tan kóòtù jẹ. Tàbí tí kóòtù ò lágbára lórí ẹjọ́ yẹn. Tàbí tí wọn ò jẹ́ kí ẹnì kan rojọ́. Tàbí àṣìkọ lásán, bíi déètì. Yàtọ̀ síyẹn, àpíìlì ni."

Bùsàrí ronú, bí ẹni tó ń yan bàtà lọ́jà Wúsè.

"Wọ́n tan kóòtù jẹ."

"Báwo?"

"Wọ́n ní àwọn pè mí sí ìdánwò. Mi ò rí ìwé ìpè kankan."

"Ẹ máa búra sí i o."

"Ìyẹn nìkan?"

Ó búra.

Ibi tó ti ṣàṣìṣe ni pé ó sọ fún ẹgbẹ́ ọmọ Ìkìrun. Bàbá Ẹfúnróyè, alága wọn, tó ń ta táyà ní Kwálì, mirí.

"Adájọ́ kì í ṣe òkúta. Àgbà ni. Ẹ̀bẹ̀ la máa ń bẹ àgbà."

Lọ́jọ́ ìgbẹ́jọ́, àwọn àgbà ẹgbẹ́ kún ìjókòó ẹ̀yìn. Kíkẹ́olúwa rojọ́, ó dùn. Adájọ́, ọmọ Kàbà, ń kọ ọ́ sílẹ̀. Ó ń lọ dáadáa.

Bàbá Ẹfúnróyè bá dìde. Ó ṣí fìlà. Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Àwọn yòókù tẹ̀ lé e.

"Olúwa mi, a ò wá jiyàn. A wá bẹ̀bẹ̀ ni."

Wọ́n ní kó dìde. Kò dìde. Ta ló ń bẹ̀bẹ̀ tó ń sọ pé ẹni òun ò jẹ̀bi? Ẹ̀bi lèèyàn ń kọ́kọ́ gbà, kí inú àgbà lè rọ̀.

"Bùsàrí jẹ̀bi. Olóríkunkun ni. Ó rí ìwé ìpè yẹn, ó mú un wá sípàdé, a ní kó lọ. Ó ní òun ò ní bá ọmọdé jókòó. Ẹ bá wa fà á létí, kẹ́ ẹ wá fún un ní ìgbéga rẹ̀."

Bùsàrí gbójú sókè, ó ń wo fáànù.

Lọ́yà ìjọba nàró díẹ̀. "Olúwa mi, mi ò ní nǹkan kan láti fi kún un."

Adájọ́ bọ́ awò ojú rẹ̀. Ó wo ìwé ìbúra. Ó wo Bùsàrí. "Lọ́yà, ṣé ẹ ṣì fẹ́ ìwé yìí?"

"A fà á sẹ́yìn, Olúwa mi." Kíkẹ́olúwa ò tiẹ̀ mí.

"Bàbá, ẹ dìde, ilẹ̀ tutù. Ohun tó lè mú mi wo ẹ̀yìn ò pọ̀. Ẹ̀bẹ̀ ò sí níbẹ̀. Ẹyọ kan tí lọ́yà gbé wá nínú wọn, ẹ̀yin náà lẹ gbé e lọ."

Níta, Bàbá Ẹfúnróyè ń gbọn agbádá rẹ̀. "Ẹ ò rí bó ṣe bá mi sọ̀rọ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́? Ọmọlúàbí ni."

Kíkẹ́olúwa kọjú sí Bùsàrí.

"Àpíìlì ṣì wà," ni Kíkẹ́olúwa wí. "Ṣùgbọ́n kó tó parí, ẹ ti fẹ̀yìn tì. Ìdánwò tọdún yìí, oṣù tó ń bọ̀ ni."

Bùsàrí rìn lọ sábẹ́ igi. Ó pe Tiwátọ́pẹ́, ọmọ ọ́fíìsì rẹ̀ tó fẹ́ ṣe ìdánwò náà.

"Ọ̀gá, ẹ káàsán sà. Ẹjọ́ ńkọ́?"

"Fi ẹjọ́ sílẹ̀. Ẹ̀yin ọmọ wọ̀nyí, níbo lẹ ti ń pàdé kàwé?"